Bí Mo Ṣe Gbé Tirẹ́tì Kiri Òkè Ìdáàṣà

Ẹ má bínú bí mo bá ń dìde tí mo tún ń jókòó níbi tí mo ti ń sọ ọ̀rọ̀ yìí. Lọ́jọ́ tí mo fẹ̀yìn tì, ọmọ mi obìnrin ra àga onítìmùtìmù kan fún mi. Ó ní, "Màmá, ó tó gẹ́ẹ́, ẹ jókòó wàyí." Mo jókòó, ṣùgbọ́n kò pẹ́ tí mo tún dìde. Ẹni tó fi ọjọ́ ayé rẹ̀ rìn láti ẹnu ọ̀nà kan dé òmíràn, tí inú ẹnikẹ́ni kì í dùn láti rí i, àga rírọ̀ kò lè tètè bá a lára mu.

Ẹ̀yin ọ̀dọ́ tó ń jáde nílé-ìwé lẹkọ́ọ̀lì, tí ẹ ń wá bi mí bóyá iṣẹ́ wísíè dára, ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ ohun tó jẹ́. Wísíè ni ẹni tí òfin fún láṣẹ láti gbé ìwé ilé-ẹjọ́ dé ọ̀dọ̀ ènìyàn, òun náà ló sì ń gbẹ́sẹ̀ lé ẹrù onígbèsè nígbà tí adájọ́ bá ti pàṣẹ. Èmi kì í ṣe wísíè. Akọ̀wé rẹ̀ ni mí, akọ̀wé tó búra níwájú adájọ́. Wísíè a fọwọ́ sí ìwé, èmi a gbé e lọ. Láyé àwọn baba wa, àwọn kan wà tí wọ́n ń pè ní ológò. Wọn a lọ dó sí ẹnu ọ̀nà onígbèsè, wọn a máa bú u, wọn a máa pa adìyẹ rẹ̀ jẹ, títí onítọ̀hún yóò fi wá owó náà dé. Nígbà tí mo bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́, orúkọ tí àwọn àgbà ọjà sọ mí nìyẹn. Bí mo bá ń kọjá, wọn a ní, "Ológò obìnrin dé o." Àwọn kan a rẹ́rìn-ín, àwọn kan a sì tilẹ̀kùn.

Ìtàn bí mo ṣe rí iṣẹ́ náà kò gùn. Àwọn Sísítà tó kọ́ mi níwèé ló kọ́ mi bí a ti ń fi màsíìnì tẹ̀wé, wísíè tó wà ní Ìdáàṣà sì ń wá ẹni tó mọ̀ ọ́n tẹ̀. Owó oṣù ńkọ́? Ó tó ra ọṣẹ àti iyọ̀, kò tó kọ́lé. Ẹ jẹ́ ká fi ìyẹn sílẹ̀.

Gáspà ni ọ̀gá mi ń jẹ́; Mẹ́tìrì ni oyè tí a fi ń pe wísíè. Ọmọ Ìdáàṣà pọ́ńbélé ni, ó ga, ó sì gbẹ bí igi tí ọyẹ́ ti fẹ́ lù. Kì í pariwo. Bí o bá ṣe àṣìṣe, yóò kàn ti ìwé náà padà sí iwájú rẹ, yóò sì máa wò ọ́. Ó sàn kí ó nà mí jù kí ó máa wò mí bẹ́ẹ̀ lọ.

Tirẹ́tì ló kọ́kọ́ fi kọ́ mi níṣẹ́. Ó gbé ọ̀kan lé mi lọ́wọ́, ó ní, "Kí lo rí?"

Mo ní, "Iye owó ni mo rí, sà."

"Padà lọ wò ó."

Mo lọ, mo dé. Mo ní mo rí ọjọ́ tí wọ́n gbọ́dọ̀ san án àti ẹni tó fọwọ́ sí i.

"Ṣé o yí i padà?"

N kò yí i padà. Ẹ̀yìn ìwé náà kún fún orúkọ.

Kí ó lè yé yín, ẹ jẹ́ kí n là á. Bí mo bá ra ẹ̀rọ lọ́wọ́ rẹ tí n kò ní owó nílẹ̀, wàá kọ ìwé pé kí n san iye báyìí ní ọjọ́ báyìí, èmi a sì fọwọ́ sí iwájú rẹ̀ pé mo gbà. Tirẹ́tì nìyẹn. Ṣùgbọ́n ìwé yìí ní ẹsẹ̀. Ìwọ tí o tà á fún mi lè fọwọ́ sí ẹ̀yìn rẹ̀, kí o fi san gbèsè tí ìwọ náà jẹ ẹlòmíràn. Nígbà tí ọjọ́ bá pé, ẹni tí n kò rí rí ni yóò dúró síwájú mi pé kí n sanwó. Bí mo bá ní, "Ẹ̀rọ tí wọ́n tà fún mi kò dára," yóò ní, "Èmi kọ́ ni mo tà á fún ọ." Òótọ́ ló sì sọ. Òfin wà lẹ́yìn rẹ̀. Bí mo bá kọ̀, wísíè yóò kọ ìwé pé wọ́n bi mí, mo kọ̀. Lẹ́yìn náà adájọ́ yóò pàṣẹ pé kí n san án, wọn yóò sì fún mi ní ọjọ́ díẹ̀ láti lọ ṣe àtakò. Bí ọjọ́ yẹn bá kọjá tí n kò yọjú, ọ̀rọ̀ ti bọ́ lẹ́nu mi nìyẹn.

Òfin tí ọ̀gá mi fún mi le ju ti ilé-ẹjọ́ lọ. N kò gbọdọ̀ jókòó nílé onígbèsè. N kò gbọdọ̀ mu omi rẹ̀. Ẹ̀yin náà mọ̀ pé lórí òkè wa níhìn-ín, omi ni a fi ń kí àlejò kí a tó bi í léèrè ohun tó bá wá. Bí o bá kọ omi, ìjà lo gbé wá. Mo máa ń rìn láti Ìdáàṣà lọ sí Soclogbo nínú oòrùn, wọn a gbé igbá omi tútù síwájú mi, èmi a máa dúpẹ́, ètè mi a máa là. Mo sun ẹkún lọ́dọ̀ ìyá mi lọ́jọ́ kan. Mo ní mo fẹ́ fi iṣẹ́ náà sílẹ̀. Ìyá mi ń bó ẹ̀gẹ́ lọ́wọ́, kò tilẹ̀ gbójú sókè. Ó ní, "Filomẹ́nà, bí wọ́n bá rán ni níṣẹ́ ẹrú, ṣe là ń fi tọmọ jẹ́ ẹ."

Mo padà síbi iṣẹ́ lọ́jọ́ kejì. Ṣùgbọ́n láti ìgbà náà ni ọkàn mi kò ti balẹ̀ mọ́. Mo ń fi tọmọ jẹ́ iṣẹ́ ẹrú, àmọ́ ta ló mọ ìyàtọ̀ rẹ̀? Ní ṣọ́ọ̀ṣì, bí mo bá jókòó, àwọn tó wà lórí bẹ́ǹṣì a sún sẹ́yìn díẹ̀. Bí mo bá kí ènìyàn lọ́jà, yóò kọ́kọ́ wo ọwọ́ mi bóyá ìwé wà níbẹ̀ kó tó jẹ́ mi lóhùn.

Ọ̀rọ̀ tó wá yí iṣẹ́ náà padà lójú mi ni ti Léọ́nù, ará abúlé Lèma.

Léọ́nù ní ẹ̀rọ ìlọ̀. Àwọn tó kéré sí i ń pè é ní Fòfó, bí a ti ń pe ẹ̀gbọ́n ọkùnrin. Ó lágbára, ó lawọ́, ó sì lágídí. Ẹ̀rọ rẹ̀ àtijọ́ ti kú, gbogbo obìnrin Lèma ń ru àgbàdo àti láfún lọ sí ọ̀nà jíjìn kí wọ́n tó rí i lọ̀. Oníṣòwò kan gòkè wá láti etí òkun, ó ta ẹ̀rọ tuntun fún un, Léọ́nù sì fọwọ́ sí tirẹ́tì. Ẹ̀rọ náà kò lo oṣù kan kí inú rẹ̀ tó là. Wọ́n kùn ún lọ́dà ni, ẹ̀rọ àlòkù ni. Léọ́nù bá pinnu pé òun kò ní san kọ́bọ̀.

Kò mọ̀ pé oníṣòwò náà ti fi tirẹ́tì yẹn san gbèsè fún Àlájì Súlé, tó ń ta ohun èlò ọkọ̀ nínú ọjà Ìdáàṣà. Àlájì kò mọ nǹkan kan nípa ẹ̀rọ tó là. Òun náà ra ọjà láwìn, tirẹ́tì yẹn ló gbójú lé. Nígbà tí ọjọ́ pé, ó gun òkè lọ sí Lèma pẹ̀lú ẹ̀rín lẹ́nu. Léọ́nù lé e bí olè. Ibẹ̀ ni Àlájì gbà dé ọ̀dọ̀ wa.

Èmi ni mo gbé àṣẹ adájọ́ lọ fún Léọ́nù. Ó gbà á, ó ní kí n kà á. Mo kà á ní Faransé bí ó ti wà, mo sì là á ní èdè Ìdáàṣà. Àgátà ìyàwó rẹ̀ dúró létí ilẹ̀kùn, ó ń gbọ́.

Léọ́nù ní, "Ṣé o rí ẹ̀rọ yẹn?"

Mo rí i. Ó wà lábẹ́ igi máńgòrò, adìyẹ ń yé sínú rẹ̀.

"Fòfó," ni mo wí, "ẹ lọ sọ ọ́ ní ilé-ẹjọ́. Ẹ sọ ọ́ bí ẹ ti ń sọ ọ́ fún mi yìí. Bóyá wọn yóò lè pe ẹni tó tà á fún yín. Ṣùgbọ́n ẹ má jẹ́ kí ọjọ́ kọjá."

Ó rẹ́rìn-ín, ẹ̀rín tó korò. "Wọ́n yàn mí jẹ, èmi ni n óò tún gbéra lọ bẹ̀bẹ̀? Òótọ́ kì í wọkọ̀ lọ sí ibì kan. Ẹni tó bá fẹ́ ẹ, kí ó wá bá a nílé."

Àgátà ní, "Baálé mi, ẹ jẹ́ ká lọ."

Ó ní kó dákẹ́. Ó ká ìwé náà, ó fi sínú koríko òrùlé, ó sì kọjú sí oko rẹ̀. Ojoojúmọ́ ni mo ń béèrè lọ́wọ́ akọ̀wé ilé-ẹjọ́ bóyá ẹnì kan wá láti Lèma. Kò sẹ́ni tó wá. Mẹ́tìrì Gáspà rí mi níbi tí mo ti ń béèrè. Ó ní, "Ìwé lo gbé lọ fún Léọ́nù, o kò lè bá a gbé ẹsẹ̀ wá." Ọjọ́ náà kọjá.

Kájú ni gbogbo ọrọ̀ Léọ́nù lọ́dún yẹn. Ó ti ká a, ó ti sá a, ó ti dì í sínú àpò, ó ń retí kí owó rẹ̀ gòkè lọ́jà Glazoué. A gbẹ́sẹ̀ lé e. Nígbà tí àkókò tí òfin là sílẹ̀ pé, a padà lọ pẹ̀lú kàmìyọ́, ọkọ̀ akẹ́rù, láti kó o lọ sí gbàǹjo. Ọlọ́pàá kan, ọ̀kan nínú àwọn sàndáàmù, tẹ̀ lé wa.

Ilé Léọ́nù wà lórí ìdagẹ̀rẹ̀, àpáta ńlá ńlá sì wà nísàlẹ̀ rẹ̀. Awakọ̀ kọjú kàmìyọ́ sókè, ó fi òkúta di táyà. Àwọn obìnrin Lèma ti pé síbẹ̀. Wọn kò lérí. Wọ́n kàn dúró yí iwájú ọkọ̀ náà ká, àwọn kan gbé ọmọ pọ̀n. Mo mọ púpọ̀ nínú wọn. Ọ̀kan ní, "Tàntí Filomẹ́nà, kí la óò máa jẹ?" Mo kọjá lára rẹ̀. Mo wọ inú àká, níbi tí Léọ́nù, sàndáàmù àti àwọn alágbàrù wà, mo ń wo àwọn àpò bí wọ́n ti ń gbé wọn jáde. Mẹ́tìrì Gáspà dúró lẹ́yìn ọkọ̀. Ó gbé ìwé lé orí àpáta, ó ń kọ ọ́, ó kẹ̀yìn sí gbogbo ayé.

Ariwo ni mo gbọ́. Àwọn ọ̀dọ́ kan ti fi èjìká ti imú ọkọ̀ náà. Bóyá wọ́n kàn fẹ́ mì ín ni, n kò mọ̀. Òkúta yẹ̀ lábẹ́ táyà, kàmìyọ́ sì yí padà sẹ́yìn. Nígbà tí mo fi sáré jáde, ó ti fún ẹsẹ̀ ọ̀gá mi mọ́ àpáta.

Ọ̀gá mi kò kígbe. Ó la ẹnu, ohùn kò jáde. Àwọn ọ̀dọ́ ti sá. Léọ́nù ló kọ́kọ́ fò sílẹ̀ láti inú àká. Ó ń pariwo, "Ẹ padà wá! Ẹ padà wá, ẹ jẹ́ ká tì í!" Wọ́n padà. Tọkùnrin tobìnrin, gbogbo Lèma fi ara ti ọkọ̀ náà sókè, ìyá ọmọ kan sì fi òkúta di táyà bí wọ́n ti ń tì í. Ọkọ̀ ti dábùú ọ̀nà, kò lè sọ̀ kalẹ̀. Léọ́nù bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó ní, "Ẹ gbé e lé mi." Ó pọn Mẹ́tìrì Gáspà sẹ́yìn bí ọmọdé, ó ń gba àárín àpáta sọ̀ kalẹ̀ lọ sí ọ̀nà ọ̀dà. Mo ń sáré tẹ̀ lé wọn, mo di bàtà ọ̀gá mi mú. Ẹ̀jẹ̀ ń kán sí gìgísẹ̀ Léọ́nù. Ó ń sọ fún un lọ́nà pé, "Ẹ rọra, bàbá, ẹ rọra, a ti fẹ́ débẹ̀," ohùn rẹ̀ jẹ́jẹ́, bí ẹni pé ẹrù rẹ̀ kọ́ ni ọkùnrin náà wá kó.

Wọn kò gé ẹsẹ̀ náà, ṣùgbọ́n kò tún tọ́ mọ́.

Olórí àwọn sàndáàmù wá bá a lórí bẹ́ẹ̀dì nílé ìwòsàn. Ó ti ní orúkọ Léọ́nù nínú ìwé rẹ̀, ó kàn fẹ́ kí ọ̀gá mi fìdí rẹ̀ múlẹ̀ ni. Ó ní, "Ta ló ti ọkọ̀, Mẹ́tìrì?"

Ọ̀gá mi ní, "Mo kẹ̀yìn sí wọn."

"Ẹ̀yin náà mọ̀ pé Léọ́nù ló rán wọn."

"Ohun tí mo bá rí ni mò ń kọ. Bí mo ti ń ṣiṣẹ́ láti ọjọ́ yìí nìyẹn. N kò rí ẹnì kan. Ẹni tí mo rí ni ẹni tó pọ̀n mí."

Sàndáàmù náà lọ. Mo ronú pé ọ̀gá mi ti rọ̀. Mo sún mọ́ bẹ́ẹ̀dì, mo ní, "Sà, ṣé a óò fi kájú náà sílẹ̀ fún un?" Ó yíjú sí mi, ó wò mí bí ó ti máa ń wò mí lórí tábìlì. "Àlájì Súlé ńkọ́?" ni ó wí. "Òun náà kò yan ẹnì kan jẹ."

Ìbéèrè yẹn kò jẹ́ kí n sinmi. Mo lọ bá Àlájì ní ṣọ́ọ̀bù rẹ̀. Pákó ibi tó ń to ohun èlò sí ti ṣófo. Ó ní àwọn tó ń fún òun lọ́jà ti dáwọ́ dúró. Mo bi í bóyá yóò gbà láti bá Léọ́nù jókòó. Ó ní, "Ẹni tó lé mi bí olè?" Mo ní, "Òun náà ni, Àlájì. Ẹ jọ jẹ́ ẹni tí ẹnì kan náà rẹ́ jẹ ni."

Ó wọ fìlà rẹ̀, a sì jọ lọ.

Ọ̀rọ̀ ọjọ́ náà kò rọrùn. Wọ́n sọ òkò ọ̀rọ̀ lu ara wọn kí wọ́n tó gbọ́ ara wọn. Àgátà ló parí rẹ̀. Ó bọ́ sáàárín wọn, ó ní, "Àlájì, ẹ jẹ́ kó fi kájú yìí san ti ọdún yìí, kó fi àwọn ìkórè tó ń bọ̀ san ìyókù. Baálé mi, ẹ̀yin náà ẹ gbà. Ìdí tí wọ́n fi wá kó ẹrù wa ni pé ẹ kò gbọ́ tèmi lẹ́ẹ̀kan." Léọ́nù wolẹ̀. Ó gbà. Wísíè fọwọ́ sí àdéhùn náà láti orí bẹ́ẹ̀dì rẹ̀, kò sì sí gbàǹjo.

Ẹ má rò pé ó dùn títí dé ìparí. Àlájì àti Léọ́nù jọ wọkọ̀ lọ sí etí òkun láti wá oníṣòwò náà. Ilé títì ni wọ́n bá. Léọ́nù san gbogbo owó ẹ̀rọ tí kò lọ̀ ju àgbàdo oṣù kan lọ. Ìkórè lẹ́yìn ìkórè ló fi san án. Ẹni tó bá sọ fún yín pé òfin ni òdodo, ẹ bá mi kí i.

Lẹ́yìn èyí, Mẹ́tìrì Gáspà kò lè gun òkè mọ́, ọ̀nà náà wá di tèmi nìkan. Ó fi ọ̀pá rìn títí ó fi fẹ̀yìn tì, ó sì le koko dọ́jọ́ ìkẹyìn. Ẹlòmíràn gba ipò rẹ̀, mo ṣiṣẹ́ fún òun náà. Àwọn ohun èlò ń yí padà lójú mi. Màsíìnì tí mo fi ń tẹ̀wé, tí ìka mi fi yi bí ti alágbẹ̀dẹ, di kọ̀ǹpútà. Pépà dúdú tí a ń fi sáàárín ìwé, tó máa ń kùn mí lójú, kò sí mọ́. Ẹsẹ̀ di àlùpùpù. Nígbà tí fóònù dé, onígbèsè a ti gbọ́ pé mo ń bọ̀ kí n tó kúrò ní Ìdáàṣà. N óò dé Aklampa, ilé a pa rọ́rọ́, ìkòkò a sì máa hó lórí iná. Lóde òní, àwọn ọ̀dọ́ ń fọwọ́ sí nǹkan lójú fóònù, wọn kò kà á. Ohun èlò yí padà, ṣùgbọ́n ìwé tó ní ẹsẹ̀ kò yéé rìn.

Ohun kan tí èmi náà yí padà ni pé, bí mo bá ti gbé àṣẹ adájọ́ fún ènìyàn, n kì í yára lọ mọ́. Mo máa ń dúró. Mo máa ń ní kó sọ ọjọ́ tí àyè àtakò yóò parí padà fún mi, lẹ́nu ara rẹ̀. Bí ìyàwó bá wà nílé, mo máa ń ní kí òun náà sọ ọ́.

Nítorí náà, nígbà tí ẹ bá bi mí bóyá iṣẹ́ náà dára, n kò mọ èyí tí n óò sọ. Ó bọ́ mi. Ó sọ mí di ẹni tí wọ́n ń sá fún. Bí o bá fẹ́ kí gbogbo ènìyàn fẹ́ràn rẹ, lọ ta búrẹ́dì.

Ní ọ̀sẹ̀ tó kọjá, mo ń ro ìdí ọ̀gẹ̀dẹ̀ lẹ́yìn ilé nígbà tí zẹmijáàn kan, ọlọ́kadà, já obìnrin kan sílẹ̀. Ọ̀dọ́ ni, eruku ti bò ó láti orí dé ẹsẹ̀. Ará Soclogbo ni. Ọkọ rẹ̀ fọwọ́ sí tirẹ́tì fún àlùpùpù ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́ta, ó san púpọ̀ níbẹ̀, ẹni tó tà á sì tún gbé tirẹ́tì náà fún ẹlòmíràn. Ọkọ ń ṣàìsàn, kò lè dìde. Òun ló gbé ìwé ilé-ẹjọ́ wá, pẹ̀lú ìwé àṣẹ tí ọkọ rẹ̀ fọwọ́ sí pé kó dúró fún òun.

Ó wò mí láti òkè délẹ̀. "Ṣé ẹ̀yin ni ẹ lọ kó kájú Léọ́nù ní Lèma?"

Mo ní, "Èmi ni."

"Màmá Àgátà, ìyàwó rẹ̀, ló ní kí n wá bá yín."

Mo gba ìwé náà. Mo wo ọjọ́ tó wà lórí rẹ̀. Mo ju ọkọ́ sílẹ̀.

"Ọmọ mi, òní ló parí."

Kò yé e. Mo ti ń so ìró mi. Mo pariwo pe zẹmijáàn náà kó tó yí kọ̀rọ̀, àwa méjèèjì gùn ún, èmi lẹ́yìn. Mo ń lu èjìká ọlọ́kadà náà pé kó sáré, ó ní, "Ìyá, ẹ ó ṣubú o." Nígbà tí a dé ilé-ẹjọ́, akọ̀wé ti tilẹ̀kùn, kọ́kọ́rọ́ wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ó mọ̀ mí. Ó wò mí, ó wo obìnrin náà, ó mí kanlẹ̀, ó sì ṣí ilẹ̀kùn padà. Obìnrin náà sọ tẹnu rẹ̀, wọ́n kọ àtakò náà sílẹ̀, ó fọwọ́ sí i. Wọ́n lu òǹtẹ̀.

A jáde síta. Ó di ìwé tí wọ́n lù lóǹtẹ̀ mú ní ọwọ́ méjèèjì, ojú rẹ̀ ń dán.

"Tàntí, ṣé a ti jàre nìyẹn?"

"Rárá o," ni mo wí. "Ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ ní ẹnu láti fi sọ̀rọ̀ ni."